Àyẹ̀wò ọdún mi: orin ijó kan tó gba gbogbo ọdún

Ẹ̀yin èèyàn mi, ẹ kú òpin ọdún o, Ọlọ́run á jẹ́ ká ṣe púpọ̀ ẹ̀ láyé. Láti ọjọ́ mélòó kan ni mo ti ń ka ohun tí kálukú ń kọ, àwọn kan kọ́lé, àwọn kan bímọ, àwọn kan rí ìwé ìgbélùú gbà, mo bá gbogbo yín dúpẹ́. Tèmi lọ́dún yìí, orin kan ni. Orin ijó, irú èyí tí wọ́n ń gbé sí i ní kílọ́ọ̀bù níbí láti alẹ́ Sátidé títí ilẹ̀ á fi mọ́, kò ju ìṣẹ́jú mẹ́fà lọ, èmi àti ọ̀rẹ́ mi kan tó jẹ́ ọmọ Jámánì la jọ ṣe é ní Hamburg níbí, a bẹ̀rẹ̀ nígbà tí yìnyín ṣì wà nílẹ̀, ìgbà tá a fi máa parí ẹ̀ òtútù tún ti padà dé. Nọ́ọ̀sì ni mí, iṣẹ́ alẹ́ ni mo máa ń ṣe jù, torí náà ọjọ́ tí mo bá wà ní ọ́ọ̀fù tí ọ̀rẹ́ mi náà ò sì níbi tó ti fẹ́ lọ ṣe DJ nìkan la máa ń rí ara wa. Nǹkan míì ṣẹlẹ̀ lọ́dún yìí o, mo yege ìdánwò èdè Jámánì tó kù, àbúrò mi ṣègbéyàwó, mo dúpẹ́, ṣùgbọ́n èyí tó gba ọkàn mi jù, orin yẹn ni.

Àwọn èèyàn wa máa ń sọ pé orin òyìnbó yìí, gbì-gbì-gbì lásán ni, pé kọ̀ǹpútà ló ń ṣe é fúnra ẹ̀, pé èèyàn kàn ń tẹ bọ́tìnnì ni. Mo ti gbọ́ ọ ní ṣọ́ọ̀ṣì, mo ti gbọ́ ọ lẹ́nu àwọn ẹ̀gbọ́n mi n'Íbàdàn, àwọn òyìnbó fúnra wọn náà ń sọ ọ́. Kì í ṣe òótọ́. Èèyàn ló kún inú orin yẹn fọ́fọ́, etí èèyàn, ọwọ́ èèyàn, èémí èèyàn, ẹ̀rọ kàn ń bá wọn gbé ẹrù ni.

Ẹ jẹ́ n bẹ̀rẹ̀ látorí kick, ìlù ńlá tó ń dún gbì yẹn. Mẹ́rin ló wà nínú bar kọ̀ọ̀kan, ìyẹn ìpín kéékèèké tí wọ́n fi ń wọn orin, kì í yẹ̀, kì í sinmi, tiwa ń lọ ní 126 láàárín ìṣẹ́jú kan. Ohùn tá a lò, ti ẹ̀rọ ìlù Roland TR-909 ni, èyí tí wọ́n gbé jáde ní Japan ní 1983, tí ọjà ẹ̀ ò fi bẹ́ẹ̀ yá lásìkò yẹn, àwọn ọmọ dúdú ní Chicago àti Detroit ni wọ́n wá sọ ọ́ di nǹkan, orin ijó tí wọ́n ń pè ní house ní Chicago, èyí tí wọ́n ń pè ní techno ní Detroit, kí Yúróòpù tó gbà á lọ́wọ́ wọn. Nígbà tí mo bi ọ̀rẹ́ mi pé kí ló dé tá a fi ń lo gbogbo ìrọ̀lẹ́ lórí ìlù kan ṣoṣo tó jẹ́ pé nǹkan kan náà ló ń sọ látìbẹ̀rẹ̀ dópin, kò dá mi lóhùn, ó kàn ní kí n lọ wá ìtàn bí wọ́n ṣe ṣe "I Feel Love" ti Donna Summer, akọrin ọmọ Amẹ́ríkà, ní Munich ní 1977.

Èmi náà lọ wá a. Giorgio Moroder àti Pete Bellotte ló ṣe é, ní sítúdíò Musicland, wọ́n fẹ́ orin tó máa dún bíi ti ayé tí ò tíì dé, tó jẹ́ pé ẹ̀rọ ni á máa ṣe gbogbo ẹ̀. Moog ńlá kan, ẹ̀rọ tó ń fi iná mànàmáná ṣe ohùn orin, tó jẹ́ ti olórin kan tó ń jẹ́ Eberhard Schoener ni wọ́n yá, Robby Wedel tó mọ ọwọ́ ẹ̀rọ náà ló bá wọn mú un bá téèpù rìn. Ẹ̀rọ yẹn kì í pẹ́ yẹ̀ kúrò lójú ohùn, tí wọ́n bá gba díẹ̀ wọ́n á dúró, wọ́n á tún un yí padà sójú ohùn, wọ́n á gba díẹ̀ sí i, bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ṣe ń to orin náà pọ̀ ní ẹyọ-ẹyọ. Ó wá kan kick. Wọn ò rí èyí tó lágbára tó látinú Moog, ni Keith Forsey tó jẹ́ onílù wọn bá jókòó ti ìlù, ó ń fi ẹsẹ̀ ara ẹ̀ tẹ kick. Mo ka ibẹ̀ yẹn mo fò dìde lórí àga. Orin tí gbogbo ayé ń pè ní orin ẹ̀rọ, ẹsẹ̀ èèyàn ló wà nísàlẹ̀ ẹ̀! Látọjọ́ yẹn mi ò bínú sí kick mọ́, a jókòó tì í, a tún un ṣe títí ó fi bá kéè orin mu, a gé ìrù ẹ̀ kúrú kó má baà máa fa ara ẹ̀ nílẹ̀.

Ìdí tá a fi gé e kúrú, torí bééṣì ni. Kick àti bééṣì, ìsàlẹ̀ kan náà ni àwọn méjèèjì ń gbé, tí wọ́n bá jọ sọ̀rọ̀ lẹ́ẹ̀kan náà spíkà á kàn máa kùn ni, ẹ ò ní gbọ́ ìkankan dáadáa. Ohun tí wọ́n máa ń ṣe ni pé bééṣì á bọ́ sí àárín kick méjì, kick ní gbì, bééṣì ní ùn, gbì-ùn gbì-ùn, wọ́n á tún wá so wọ́n pọ̀ kó jẹ́ pé ìgbà yòówù tí kick bá lù, bééṣì á tẹrí ba, á tún gbérí padà kí kick míì tó dé. Sidechain ni wọ́n ń pè é. Òun ló ń mú kí orin náà máa dà bí ẹni pé ó ń mí, tí ara yín á ti máa mì kí ẹ tó mọ̀. Ibi tí bééṣì ti máa gbérí padà, bóyá kó yá tàbí kó rọra, kò sí kọ̀ǹpútà tó lè bá ẹ pinnu ẹ̀, etí lásán ni, ká gbé e sí i, ká dìde, ká jó o wò nínú yàrá. Òótọ́ ni mò ń sọ, a máa ń dìde jó o. Èmi tí wọ́n bí sí ìdí dùndún, ibẹ̀ ló ti yé mi yékéyéké, ọmele ò ní torí pé òun ò yí ohùn padà kó ní òun ò níṣẹ́, òun ló di ilẹ̀ mú kí ìyáàlù tó rí ibi dúró sọ̀rọ̀.

Iṣẹ́ tèmi gan-an ni kíbọ́ọ̀dù. Ṣọ́ọ̀ṣì ni mo ti kọ́ ọ, Fruity Loops tó wà lórí kọ̀ǹpútà ẹ̀gbọ́n mi ni mo sì fi kọ́ bíìtì n'Íbàdàn (ọdún yìí ni mo tó mọ̀ pé ọmọ Belgium ni sọ́fíwíà yẹn, 1997 ni ẹ̀dà àkọ́kọ́, gbogbo wa tá a fi ń ṣe bíìtì ní Nàìjíríà nígbà yẹn, iṣẹ́ ọwọ́ ará Yúróòpù la ń lò láìmọ̀). Ohùn piano tá a mú, ti Korg M1 ni, kíbọ́ọ̀dù 1988, ohùn tó mọ́ tó le dáadáa, tí kì í jẹ́ kí ìlù bò ó mọ́lẹ̀. Kọ́ọ̀dù (ohùn mélòó kan tá a tẹ̀ pọ̀ lẹ́ẹ̀kan náà) mẹ́rin péré, A minor, F, C, G, wọ́n ń yí po. Ọwọ́ ṣọ́ọ̀ṣì mi fẹ́ máa ki àwọn kọ́ọ̀dù kéékèèké bọ àárín wọn, ọ̀rẹ́ mi ní rárá, pé tí mo bá ti fi gbogbo adùn sí ìbẹ̀rẹ̀, kí ló kù tí àwọn tó ń jó á máa retí. Mo gbà fún un níbi tó pọ̀, ṣùgbọ́n ẹyọ kan wà, kọ́ọ̀dù kan báyìí tó máa ń wọlé ní òpin bar kẹjọ, tó bá dé ibẹ̀ inú èèyàn á kàn ṣí, mo ní èyí ò ní kúrò. Ó ṣì wà níbẹ̀. Òun náà wá gbà pé ibẹ̀ ló dáa jù nínú gbogbo piano náà.

Mo tún ronú púpọ̀ lọ́dún yìí nípa Dr. Alban. Ẹ rántí ẹ? Ọmọ Ìgbò, ará Oguta, tó lọ sí Sweden lọ kàwé dókítà eyín, tó ń ṣe DJ ní kílọ́ọ̀bù kan tó ń jẹ́ Alphabet Street ní Stockholm kó lè rówó kàwé. Ibẹ̀ ni Denniz Pop ti rí i, "Hello Afrika" jáde ní 1990, "It's My Life" jáde ní 1992, Yúróòpù gbóná. Nílé wa nígbà tá a wà ní kékeré, kò sí bọ́ọ̀dé tí wọn ò ti ń lu kásẹ́ẹ̀tì ẹ̀! Denniz Pop yìí wá ni mo fẹ́ kẹ́ ẹ mọ̀, ọkùnrin tó ṣe àwọn orin yẹn àti ti Ace of Base, ẹgbẹ́ akọrin ará Sweden, kò mọ ohun èlò orin kankan ta, kì í sì í kọrin. DJ ni. Etí ló ní. Wọ́n sọ pé kásẹ́ẹ̀tì tí Ace of Base fi ránṣẹ́ sí i há sínú ẹ̀rọ ọkọ̀ ẹ̀ kò jáde mọ́, ó wá di pé tó bá ti wọ ọkọ̀ òun náà ni á máa gbọ́, títí tó fi gbọ́ ohun tó lè ṣe sí i, ohun tó bí "All That She Wants" nìyẹn. Ọmọ ọdún 35 ló jẹ́ nígbà tó kú ní 1998. Ó dùn mí, bí ẹni pé mo mọ̀ ọ́n.

Ẹ jẹ́ n wá dé ibi tó ká mi lára jù, ohùn. Ní 1989, àwọn ará Ítálì kan tó ń jẹ́ Black Box gbé "Ride on Time" jáde, ọ̀sẹ̀ mẹ́fà ló fi wà nípò kìíní ní ìlú ọba, òun ló tà jù níbẹ̀ lọ́dún yẹn. Ohùn tó ń bú jáde nínú ẹ̀ yẹn, ti Loleatta Holloway ni, obìnrin aláwọ̀ dúdú ọmọ Chicago, inú orin ẹ̀ ti 1980 ni wọ́n ti gé e, wọn ò dárúkọ ẹ̀, obìnrin míì tó ṣe tẹ́ẹ́rẹ́ ni wọ́n gbé síta kó máa la ẹnu. Ó gbà kí Holloway bá wọn fà á kí wọ́n tó san nǹkan fún un. Martha Wash náà rí i, àwọn orin míì tí Black Box ṣe ló kọrin sí, ẹlòmíì ni wọ́n ń fi hàn nínú fídíò, ó gbé wọn lọ sí kóòtù. Ní 1993 àwọn míì tún ṣe bẹ́ẹ̀, "The Rhythm of the Night" ti Corona, ohùn Giovanna Bersola lẹ gbọ́, Olga Souza lẹ rí nínú fídíò. Ìdùnnú tí orin wọ̀nyẹn kó bá gbogbo ayé, láti ọ̀fun àwọn obìnrin wọ̀nyí ló ti wá, orúkọ wọn ló sì kọ́kọ́ sọnù. Inú mi kì í dùn tí mo bá rántí.

Ìdí nìyẹn tí mi ò fi gbà nígbà tí ọ̀rẹ́ mi ní ká lọ ra ohùn orí íntánẹ́ẹ̀tì, àwọn ohùn tí wọ́n ti gé sílẹ̀ tí ẹnikẹ́ni lè rà. Àǹtí kan wà nínú kóòyà wa, ohùn wọn máa ń gbé òrùlé, mo lọ bẹ̀ wọ́n. Wọ́n ní, "Ìwọ ọmọ yìí, orin kílọ́ọ̀bù? Kí ni mo fẹ́ sọ fún pásítọ̀?" Mo ní, Àǹtí, orin ayọ̀ ni, ẹ gbọ́ ọ ná. Mo fi hẹ́ẹ̀fóònù sí wọn létí, mo rí i tí èjìká wọn bẹ̀rẹ̀, ọ̀rọ̀ ti bùṣe. Yàrá wọn la ti gbà á, a fi aṣọ ìbora nínípọn kọ́ ara ògiri àti fèrèsé kí ohùn má baà máa ta padà, àwọn ọmọ wọn ń wo tẹlifíṣọ̀n ní pálọ̀. Ìgbà àkọ́kọ́ wọ́n kọ ọ́ jẹ́ẹ́jẹ́ẹ́ bíi hymn, ó dáa, kò gbóná, ó wá di pé wọ́n bọ́ bàtà, wọ́n yọ gèlè, wọ́n ní ká gbé bíìtì náà sókè, ni wọ́n bá fà á, ohùn yẹn gun òkè, ó ń gbọ̀n díẹ̀ níbi tó ti fẹ́ kọjá agbára wọn. Èémí kan wà tí wọ́n mí sínú kí wọ́n tó wọ ègbè, ó gbọ́ ketekete nínú máíkì. Ọ̀rẹ́ mi ti gbé ọwọ́ sí máòsì láti gé e kúrò, torí pé bí wọ́n ṣe máa ń ṣe nìyẹn, wọ́n á fọ ohùn mọ́ tónítóní, mo ní kó fi sílẹ̀. Wọ́n tún ké "ó yá o!" ní òpin, ẹnikẹ́ni ò ní kí wọ́n ké e, a mú un, a gbé e sí ibi tó yẹ ẹ́ jù.

Ibi tó yẹ ẹ́ jù yẹn ni òpin break. Break ni ibi tí wọ́n ti máa ń yọ kick kúrò nínú orin pátápátá. Tiwa jẹ́ bar mẹ́rìndínlógún, bíi ọgbọ̀n ìṣẹ́jú àáyá, ọ̀rẹ́ mi fẹ́ ìlọ́po méjì, mo ní ó pọ̀ jù, ẹsẹ̀ á tutù. Piano á ṣẹ́kù pẹ̀lú Àǹtí, snare, ìlù tó ń dún ta-ta yẹn, á wọlé, á máa le sí i, filter tó ń dí ohùn mọ́ra á máa ṣí díẹ̀díẹ̀ bí ariwo tó ń bọ̀ látọ̀nà jíjìn, lẹ́yìn náà ohun gbogbo á dákẹ́, "ó yá o!", kick á wá wọlé gbì. Nígbà tí ọ̀rẹ́ mi gbé e sí i ní kílọ́ọ̀bù kékeré kan lóṣù tó kọjá, ẹ̀yìn ni mo dúró sí, ọkàn mi ń lù. Kick kúrò, àwọn èèyàn dáwọ́ ijó dúró, wọ́n gbé ojú sókè, wọ́n gbé ọwọ́ sókè, ẹnì kan nítòsí mi di orí ẹ̀ mú bí ẹni tó ń dúró de èsì ìdánwò, nígbà tí kick fi padà dé, gbogbo ilé bú sí ariwo, àwọn ọmọ Jámánì tí kò gbọ́ Yorùbá ń ké "ó yá o" nígbà kejì tó dé ibẹ̀. Mo fi fóònù gba díẹ̀, mo fi ránṣẹ́ sí Àǹtí lójú ẹsẹ̀. Wọ́n pè mí ní aago mẹ́jọ àárọ̀, wọ́n ò sọ̀rọ̀ púpọ̀, wọ́n ní àwọn ti wò ó títí bátìrì fóònù fi kú.

Orin náà á jáde lọ́dún tó ń bọ̀. Ẹ̀dà méjì ló máa jẹ́, gígùn fún àwọn DJ, tí kick nìkan máa ṣáájú kí wọ́n lè rọra so ó mọ́ orin tó wà ní iwájú ẹ̀, àti kúkurú fún rédíò. Ọ̀nà mẹ́ta ọgbọọgba la pín in sí nínú ìwé tá a fọwọ́ sí, orúkọ Àǹtí ló sì kọ́kọ́ wà lára àwo kí tèmi àti ti ọ̀rẹ́ mi tó tẹ̀ lé e, ṣùgbọ́n Àǹtí ò tíì fẹ́ kí n dárúkọ àwọn síbí kí wọ́n tó fi ẹnu ara wọn sọ fún pásítọ̀. Wọ́n ti kọ orin kejì, Yorùbá lódindi, ó yá ju ti àkọ́kọ́ lọ, mo wà ní ọ́ọ̀fù lọ́jọ́bọ̀, a ó bẹ̀rẹ̀ kick ẹ̀ lọ́jọ́ náà.