Ìta Fèrèsé Tó Funfun Báláú

Ẹ̀yin àbúrò wa tí ẹ ń ya fíìmù kúkurú ní Ìjẹ̀bú-Òde àti Àgọ́-Ìwòyè, fèrèsé ti wọ̀ yín lẹ́wù: ẹnì kan jókòó nínú yàrá, ó ń wòta. Ó dáa. Àmọ́ ìta ọ̀hún kì í sí nínú iṣẹ́ yín. Funfun báláú ni.

Ojú yín ló ń tàn yín jẹ. Lọ́sàn-án gangan, ẹ wà nínú yàrá, ẹ rí ìyá tó ń yan gàrì lódìkejì títì, ẹ rí èéfín, ẹ sì tún rí ojú òṣèré. Kámẹ́rà ò ní irú ojú bẹ́ẹ̀. Ìmọ́lẹ̀ ìta lè tó ìlọ́po 64 ti inú yàrá, ìyẹn stop mẹ́fà (stop kan ni ìlọ́po méjì). Bí ẹ bá fi ojú òṣèré díwọ̀n ìmọ́lẹ̀, ìta lọ nìyẹn. “A ó tún un ṣe nídìí ẹ́díìtì.” Irọ́ ni! Ibi tó bá ti funfun tán, kò sí nǹkan kan nínú fáìlì mọ́. Bí ẹ bá dín in kù, á kàn rí bí eérú ni. Lev Kuleshov, olùdarí fíìmù ará Rọ́ṣíà, ti fi hàn tipẹ́: ojú kan náà, bí àwo ọbẹ̀ bá tẹ̀ lé e, a ó ní ebi ń pa á, bó bá jẹ́ pósí, a ó ní ó ń ṣọ̀fọ̀. Kí ni funfun fẹ́ sọ?

Èyí tó ń bí mi nínú jù ni ND, awò dúdú tó ń dín ìmọ́lẹ̀ kù, tí ẹ ń dé mọ́ ẹnu lẹ́ǹsì. Inú àti ìta ló ń mú ṣókùnkùn bákan náà; 64 yẹn ò kúrò lójú kan. Ojú fèrèsé ni ND ń lọ. Ẹ ra oní-róòlù, èyí tí nọ́ńbà rẹ̀ jẹ́ 0.9: ìdá kan nínú mẹ́jọ ìmọ́lẹ̀ ló ń gbà kọjá. Bó bá jẹ́ iná yín ló ń tan ojú òṣèré, 64 di 8. (Ọmọ Ìjẹ̀bú ni wá: ẹ rọra ká a, ẹ ó tún lò ó.) Lórí gíláàsì odidi, ẹ fi omi ọṣẹ lẹ̀ ẹ́. Lórí lúfà, ẹ yọ nẹ́ẹ̀tì, kí ẹ nà án mọ́ férémù láti ìta, kó le bí awọ ìlù. Bó bá dẹ̀ níbì kan, atẹ́gùn á máa gbọ̀n ọ́n, oníga​rì yẹn á máa mì bí ẹni tó wà lábẹ́ omi, ariwo rẹ̀ á sì wọ máíkì.

Ó ku 8. Ẹ sún iná yín mọ́ òṣèré láti mítà 2 sí mítà 1. Ìmọ́lẹ̀ á di ìlọ́po 4. Ìlọ́po 2 tó ṣẹ́ kù, ẹ fi sílẹ̀, ìta ló yẹ kó mọ́lẹ̀ jù.

Bó bá kan ohun tí òṣèré ń rí, ẹ sọ kámẹ́rà kalẹ̀ dé ibi tí ojú rẹ̀ wà lórí àga. Ìdúró lẹ sábà fi ń yà á, bẹ́ẹ̀ ẹni tó jókòó ò lè rí inú agbada gàrì.