Ọmọlanke ni ká fi bẹ̀rẹ̀

Nírọ̀lẹ́ yìí ní pápá ìṣeré Kútọ̀, ọmọbìnrin kan tó ń sáré 100 mítà ní, "Kóòṣì, ẹ jọ̀ọ́, níbo la ti máa rí yìnyín kọ́ bobsled l'Ábẹ́òkúta?"

Yìnyín ṣì ń bọ̀. Bobsled ni ọkọ̀ eré ìje tí wọ́n máa ń tì sáré, tí wọ́n á sì fò wọ̀, kó lè máa yọ̀ lọ lórí yìnyín. Títì ló kọ́kọ́ ṣe pàtàkì, ẹsẹ̀ asáré ló sì ń tì í. Seun Adigun, tó sáré fún Nàìjíríà ní Òlíḿpíìkì 2012, fi pákó kan ọkọ̀ tiẹ̀ ní Houston. Orí ilẹ̀ gbígbẹ lòun, Ngozi Onwumere àti Akuoma Omeoga ti kọ́ títì náà, kí wọ́n tó dé Pyeongchang, ní South Korea, ní 2018, ẹgbẹ́ bobsled àkọ́kọ́ láti Áfíríkà ní Òlíḿpíìkì. Inú mi ṣì ń dùn sí i!

Awakọ̀ ló ń kọ́kọ́ fò wọlé. Ẹni ẹ̀yìn á ṣì máa tì í lọ, kóun náà tó bọ́ sínú. Bó bá já sínú ọkọ̀ gbì, ọkọ̀ á mì, irin abẹ́ rẹ̀ á ha yìnyín, eré á dínkù. Bó bá sì pẹ́ jù, ọkọ̀ á fi í sílẹ̀.

A yá ọmọlanke lọ́jà Kútọ̀, a di àpò iyanrìn méjì sí i. Ẹ̀yìn ní títẹ̀, apá ní nínà, ìgbésẹ̀ kúkúrú kúkúrú. Ìgbà kẹta ni àwọn asáré mi tó tì í pọ̀ lẹ́ẹ̀kan náà.