Ìgboro Òṣogbo Lórí Kòròpè, Etí Òkun Àgbádárìgì Pẹ̀lú Amọ̀nà

Àlejò tó bá wá sí Òṣogbo fún ọjọ́ mélòó kan sábà máa ń fẹ́ nǹkan méjì: kó rìn kiri ìgboro bó ṣe wù ú, kó sì fojú rí òkun kó tó padà. Òṣogbo Òròkí ò ní òkun. Aró ni oríkì wa fi wé e, "aró dẹ̀dẹ̀ bí òkun", àmọ́ òkun gan-an, apá Èkó lọ́hùn-ún ló wà. Èèyàn lè so méjèèjì pọ̀ dáadáa, bó bá mọ ibi tó yẹ kó náwó amọ̀nà sí. Ohun tí mo dì mú ni pé kẹ́ ẹ fẹsẹ̀ ara yín àti kòròpè, bọ́ọ̀sì kékeré ìgboro, rin ìlú, kẹ́ ẹ wá tọ́jú owó amọ̀nà de etí òkun. Àwọn tó bá ṣe é lódìkejì ló máa ń kábàámọ̀. Wọ́n á háyà ọkọ̀ àti amọ̀nà, wọ́n á fi wákàtí mẹ́ta sáré yí Òṣogbo ká, wọ́n á wá dá Àgbádárìgì lọ, ìlú etí omi l'Èkó tí wọ́n ti ń kó ẹrú sọdá òkun nígbà kan, wọ́n á sì dúró síwájú ilé ìtàn tí kò sẹ́ni tó máa ṣílẹ̀kùn ẹ̀ fún wọn.

Ní Lọ́ńdọ̀nù àti Cape Town, bọ́ọ̀sì pupa alájà méjì kan wà tó ń yípo ìlú látàárọ̀ dalẹ́. Tíkẹ́ẹ̀tì kan lèèyàn máa rà, á sọ̀ níbi tó wù ú, á wo ohun tó fẹ́ wò, á sì gun òmíì tó bá dé. Kòròpè, kẹ̀kẹ́ Màrúwá àti ọ̀kadà ló ń bá wa ṣe irú iṣẹ́ yẹn ní Òṣogbo, àmọ́ ẹ ó sanwó ní gbogbo ìgbà tẹ́ ẹ bá wọlé, ọkọ̀ kì í sì í yípo: ojú ọ̀nà kan ló ń bá lọ, òun náà ló ń bá bọ̀. Kò sí àkọlé tó ń sọ ibi tó ń lọ. Ẹ na ọwọ́, kẹ́ ẹ béèrè kẹ́ ẹ tó jókòó: "Ọ̀gá, ṣé ẹ máa dé Ọjà Ọba?" Tẹ́ ẹ bá ti sún mọ́ ibi tẹ́ ẹ ń lọ, ẹ pariwo "Ó wà o!" kó tó débẹ̀, torí awakọ̀ kì í dúró tẹ́nikẹ́ni ò bá sọ̀rọ̀.

Ṣéńjì ló máa ń dá wàhálà sílẹ̀ jù. Ẹ gbé ẹgbẹ̀rún náírà kan fún awakọ̀ láàárọ̀ kùtù, á so yín pọ̀ mọ́ ẹnì kan tẹ́ ẹ jọ fẹ́ sọ̀, á fún ẹ̀yin méjèèjì ní owó bébà kan, á ní kẹ́ ẹ lọ wá bẹ́ ẹ ṣe máa pín in. Ẹ wá owó kéékèèké lálẹ́ ọjọ́ tó ṣáájú.

Igbó Ọ̀ṣun ni kẹ́ ẹ kọ́kọ́ lọ, kẹ́ ẹ ti débẹ̀ kó tó di aago 9 àárọ̀. Ó fẹ̀ tó hẹ́kítà 75, ẹni tó bá fi sí ìrọ̀lẹ́ á sáré jáde láì dé etí odò. Láti Ọjà Ọba, ọkọ̀ tàbí ọ̀kadà tó gba Ìsàlẹ̀ Ọ̀ṣun lẹ máa wọ̀, kẹ́ ẹ sì ya wákàtí méjì àbọ̀ sọ́tọ̀. Níbí nìkan nígboro ni mo ti fọwọ́ sí amọ̀nà, àwọn tó wà lẹ́nu géètì níbẹ̀ gan-an. Ojúbọ ló wà nínú igbó náà, kì í ṣe ibi gbogbo lẹsẹ̀ àlejò ń tẹ̀, kò sì ní sí ohun tó máa sọ fún yín pé ẹ ti ṣì í tẹ̀. Owó ìwọlé lọ́tọ̀, owó kámẹ́rà lọ́tọ̀. Ẹ béèrè méjèèjì pọ̀ kẹ́ ẹ tó tọwọ́ bàpò.

Susanne Wenger, òyìnbó ọmọ Austria tí wọ́n ń pè ní Àdùnní Olórìṣà, pẹ̀lú àwọn ọmọ Òṣogbo tó bá a ṣiṣẹ́, Adébísí Àkànjí, Kàsálì Àkàngbé, Bùráímọ̀ Gbàdàmọ́sí àti àwọn míì, ló gbé àwọn ère tó wà níbẹ̀ dìde, wọ́n sì wà lára ohun tó mú kí UNESCO kọ igbó náà mọ́ ogún àgbáyé ní 2005. Ẹ sún mọ́ wọn kẹ́ ẹ wò wọ́n dáadáa. Irin àti amọ̀ ló wà nínú ọ̀pọ̀ nínú wọn, ṣìmẹ́ńtì ni wọ́n fi bò ó lójú. Ibi tí ṣìmẹ́ńtì bá ti sán, òjò á wọ̀ ọ́, irin inú ẹ̀ á dógùn-ún, irin tó dógùn-ún á wú, á sì máa ti ṣìmẹ́ńtì tó kù dànù díẹ̀díẹ̀. Ìdí tí kò fi yẹ kẹ́nikẹ́ni fara ti ère tàbí gbé ọmọ gùn ún torí fọ́tò nìyẹn. Àwọn tó ṣe wọ́n ti ń tán lọ.

Omi odò náà ńkọ́? Ẹ má mu ún. Ní 2022, ìjọba Ìpínlẹ̀ Ọ̀ṣun fúnra ẹ̀ kìlọ̀ fáwọn tó wá ṣọdún pé kí wọ́n má mu ún, torí ìwakùsà lókè odò ti bà á jẹ́. Àwọ̀ ẹ̀ lásán tó láti sọ ọ́ fún yín. Tó bá sì jẹ́ oṣù kẹjọ, lásìkò ọdún Ọ̀ṣun, ẹ gbàgbé kòròpè lọ́jọ́ tí Arugbá bá jáde. Wọ́n máa ń dí ọ̀nà láti ààfin títí dé igbó, ẹsẹ̀ lẹ máa fi rìn, hòtẹ́ẹ̀lì á sì ti kún tipẹ́.

Ọkọ̀ kì í pọ̀ lẹ́nu géètì igbó. Ẹ gba nọ́ńbà ọlọ́kadà tó gbé yín lọ, kẹ́ ẹ ní kó padà wá gbé yín, ṣùgbọ́n ẹ má san owó àbọ̀ ṣáájú.

Ẹ sọ̀ ní Ọjà Ọba. Ààfin Àtáọ́ja, mọ́ṣáláṣí ńlá àti ọjà, ẹsẹ̀ lásán lẹ máa fi rìn wọ́n. Níbí lẹ ti lè ra àdìrẹ, àmọ́ ẹ yí ẹ̀yìn aṣọ wò kẹ́ ẹ tó dúnàá dúrà. Ojú kan ni wọ́n máa ń fi ẹ̀kọ kùn fún ẹlẹ́kọ, torí náà ẹ̀yìn ẹ̀ máa ń dúdú, ọnà ibẹ̀ kì í sì í hàn ketekete bíi tiwájú. Oníkò tí wọ́n dì ní okùn máa ń hàn níwá-lẹ́yìn. Aṣọ tí iwájú ẹ̀ ń dán, tí ẹ̀yìn ẹ̀ sì ràndánràndán bí ìgbà tí àwọ̀ ò débẹ̀, ẹ̀rọ ló tẹ̀ ẹ́. Ẹ fi áńkáṣíìfù funfun tó tutù ra á lára: tí aró bá yọ púpọ̀ sí i, wọn ò ṣàn án tó lẹ́yìn aró, ẹ fọ̀ ọ́ lọ́tọ̀ nílé.

Láti ibẹ̀, ẹ wọ ọkọ̀ Ìbòkun Road, kẹ́ ẹ sọ̀ nílé Àdùnní. Ilé àwọn èèyàn ni o, wọ́n ń gbé inú ẹ̀. Ẹ dúró lẹ́nu ọ̀nà, kẹ́ ẹ sọ pé "Ẹ kú ilé o, ẹ jọ̀ọ́, àlejò la jẹ́," kẹ́ ẹ sì dúró dìgbà tí wọ́n bá ní kẹ́ ẹ wọlé. Tí ilẹ̀ ò bá tíì ṣú, ilé iṣẹ́ ọnà Nike, tí wọ́n dá sílẹ̀ ní 1983, ló kù, lójú ọ̀nà Ẹdẹ àtijọ́. Ẹni tó bá fẹ́ràn àwòrán Twins Seven-Seven tàbí Jimoh Buraimoh á ti mọ̀ pé inú Mbárí Mbáyọ̀, ilé àṣà àti iṣẹ́ ọnà tí Dúró Ládiípọ̀ àti Ulli Beier dá sílẹ̀ ní 1962 ni wọ́n ti jáde, nílùú yìí kan náà.

Ìrìn àárín ìlú méjèèjì ló ń dojú ètò rú. Ẹ má gbìyànjú à-lọ-à-bọ̀ Àgbádárìgì lọ́jọ́ kan láti Òṣogbo. Tẹ́ ẹ bá gbéra ní aago 6 àárọ̀, tẹ́ ẹ gba Gbọ̀ngán àti Ìbàdàn, ẹ lè wọ Èkó ní bí aago 11 tí ọ̀nà bá dá. Ọ̀nà tó ku níwájú, láti Ọ̀jọ́tà sí Òṣòdì, sí Mile 2, sí Àgbádárìgì, lè tún gbà tó wákàtí mẹ́ta, torí àwọn ibi kan bà jẹ́ gan-an lójú ọ̀nà yẹn. Aago 2 ọ̀sán ti lù. Ẹ ò tíì jẹun, ìrọ̀lẹ́ sì kọ́ ni àsìkò tó yẹ kéèyàn ṣẹ̀ṣẹ̀ máa wọ ọkọ̀ ojú omi. Torí náà, ẹ sùn ní Àgbádárìgì gan-an, kì í ṣe ní Èkó, kí ilẹ̀ mọ́ bá yín níbẹ̀. Ọkọ̀ tó ń pe Sẹ̀mẹ̀ ní Mile 2 ló máa gbé yín kọjá. Ẹ sọ fún kọ̀ńdọ́kítọ̀ pé Roundabout Àgbádárìgì lẹ ti máa sọ̀, ẹ má sì sùn lọ, torí ẹnubodè ló forí lé. Ẹ mú káàdì ìdánimọ̀ dání, àwọn aláṣọ ìjọba pọ̀ lọ́nà yẹn.

Ní ti rélùwéè Ìbàdàn sí Èkó, ti àárọ̀ máa ń tètè kúrò ní Mọ́níyà n'Ìbàdàn, ẹni tó ń ti Òṣogbo bọ̀ kì í sábà bá a. Ó dáa ju fún àbọ̀.

Ẹ bá amọ̀nà Àgbádárìgì sọ̀rọ̀ kí ọjọ́ tó pé. Ẹ má wulẹ̀ béèrè "Èló ni?" Ẹ bi í bóyá owó ọkọ̀ ojú omi wà nínú ẹ̀, àlọ àti àbọ̀, àti bóyá owó ìwọlé ilé kọ̀ọ̀kan náà wà níbẹ̀. Ibi tí ìjà ti máa ń wá nìyí: ilé ìdílé Mobee, ilé Sẹ́ríkì Abass àti ilé ìṣẹ̀ǹbáyé ìjọba kì í ṣe ti ẹnì kan náà, olúkúlùkù ló ń gba owó tirẹ̀. Àlejò á rò pé òun ti san gbogbo ẹ̀, wọ́n á tún dá a dúró lẹ́nu ọ̀nà. Ẹ ní kí amọ̀nà to iye kọ̀ọ̀kan sínú àtẹ̀jíṣẹ́ fún yín. Kí owó bébà wà lọ́wọ́ pẹ̀lú, torí nẹ́tíwọ́ọ̀kì POS kì í ṣe ohun téèyàn ń gbára lé níbẹ̀.

Ẹ bẹ̀rẹ̀ ní aago 8 sí 9. Àwọn kan fẹ́ràn láti kọ́kọ́ sọdá omi kí oòrùn tó mú, kí wọ́n wá padà sábẹ́ òrùlé. Fún àgbàlagbà àti ọmọdé, ó bọ́gbọ́n mu. Àmọ́ ẹni tí ara ẹ̀ bá gbà á, kó tẹ̀lé ọ̀nà tí wọ́n mú àwọn ẹrú gbà: láti ilé tí wọ́n tì wọ́n mọ́, sí ọjà ẹrú Vlekete, sí etí ọ̀sà, sí erékùṣù Gbẹrẹfu, sí òkun. Béèyàn bá fò ó láàárín, ilé àtijọ́ lásán ló máa rí.

Nílé Sẹ́ríkì Fárẹ̀mí Williams Abass, ẹ dúró nínú yàrá kan ṣoṣo kẹ́ ẹ má sọ̀rọ̀. Ogójì irú ẹ̀ ló wà. Amọ̀nà á sọ fún yín pé 40 èèyàn ni wọ́n ń kó sínú ọ̀kọ̀ọ̀kan, á fi agbòòrùn hàn yín, á ní ọ̀kan ẹ̀ ni wọ́n fi ń ra 40 èèyàn. Ẹ wo ojú fèrèsé, bó ṣe kéré tó, kẹ́ ẹ wá fọkàn ka iye èèyàn tó lè fẹsẹ̀ dúró síbẹ̀. Sẹ́ríkì fúnra ẹ̀, wọ́n tà á lẹ́rú lọ́mọdé, ó dé Brazil, ó padà wá, òun náà sì wá di olówò ẹrú. Ẹ jẹ́ kí amọ̀nà sọ ìyẹn tán kẹ́ ẹ tó kúrò níbẹ̀. Ilé pẹ̀tẹ́ẹ̀sì àkọ́kọ́ ní Nàìjíríà, tí wọ́n parí ní 1845, kò gbà ju ogún ìṣẹ́jú lọ.

Ní èbúté, ẹ má wọ ọkọ̀ tí kò bá ní jákẹ́ẹ̀tì ìgbẹ̀mílà tó kárí gbogbo èrò. Wíwọ̀ ni wọ́n ń wọ̀ ọ́, kì í ṣe gbígbé sórí ẹsẹ̀. Ẹ fa bẹ́líìtì ẹ̀ wò: tó bá ṣí lọ́wọ́ yín, á ṣí lómi. Tí jákẹ́ẹ̀tì àgbà bá bọ́ lọ́rùn ọmọdé nígbà tẹ́ ẹ gbé e sókè níbi èjìká, kò lè gbà á là. Ọ̀sà máa ń rọra láàárọ̀. Lọ́sàn-án ni atẹ́gùn òkun máa ń le, tí omi á bẹ̀rẹ̀ sí í ru.

Lódìkejì, iyanrìn lẹ máa rìn fún nǹkan bí ààbọ̀ wákàtí, òjìji ò sì tó nǹkan. Lítà omi kan àbọ̀ fún ẹnì kan ò pọ̀ jù. Bàtà tó lókùn lẹ́yìn ló dáa, sílípáàsì á máa bu iyanrìn gbígbóná sí yín lẹ́sẹ̀. Ẹ ó kọjá lára kànga tí wọ́n ní wọ́n ń fún àwọn ẹrú ní omi ẹ̀ mu kí wọ́n lè gbàgbé ilé, kẹ́ ẹ tó dé ibi òpó méjì tó dojú kọ òkun.

Ẹ má wẹ̀ níbẹ̀. Etíkun náà dagẹ̀rẹ̀, ìgbì máa ń là mọ́lẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà, omi tó ń padà sí òkun sì máa ń fa ẹsẹ̀ èèyàn, pàápàá láti oṣù kẹfà sí oṣù kẹsàn-án. Tó bá ṣẹlẹ̀ pé omi gbé ẹnì kan, kó má bá a jà láti wá sí èbúté tààrà, ibẹ̀ ni agbára ti ń tán. Kó lúwẹ̀ẹ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́, ní ìbú etíkun, títí tómi fi máa tú u sílẹ̀, kó tó yíjú sí ilẹ̀.

Ẹ padà sọdá kó tó di aago 2, kẹ́ ẹ jẹun, kẹ́ ẹ wọ ọkọ̀ Mile 2. Níbẹ̀, ẹ fi bọ́ọ̀sì sílẹ̀. Rélùwéè Blue Line tó bẹ̀rẹ̀ sí í kó èrò ní oṣù kẹsàn-án 2023 máa gbé yín dé Marina, kìlómítà 13, ibùdókọ̀ márùn-ún. Káàdì Cowry ni wọ́n ń fi wọ̀ ọ́, wọn kì í gba owó bébà lẹ́nu ọ̀nà. Káàdì yẹn kan náà lẹ lè fi wọ bọ́ọ̀sì BRT. Tẹ́ ẹ bá sùn sí Èkó, Freedom Park tó jẹ́ ọgbà ẹ̀wọ̀n nígbà kan, ilé ìṣẹ̀ǹbáyé Oníkàn àti John Randle Centre tó wà fún àṣà Yorùbá sún mọ́ra débi pé ẹsẹ̀ lẹ máa fi rìn wọ́n, kẹ́ ẹ kàn yan méjì.

Lọ́jọ́ àbọ̀, ẹ dé ibùdókọ̀ kó tó di aago 11 àárọ̀. Ọkọ̀ Òṣogbo kì í gbéra tí kò bá kún, èrò sì máa ń dín lẹ́yìn ọ̀sán. Èyí tó bá kún ní aago 4, òru ló máa fi gba Gbọ̀ngán wọlé.