Obìnrin Tó Ní Kí Wọ́n Fún Wa Ní Àpótí

Ọdún mẹ́rin ni mo fi bá wọn tajà ní ṣọ́ọ̀bù aṣọ kan nítòsí Takie, níhìn-ín l'Ógbòmọ̀ṣọ́. Láti aago mẹ́jọ àárọ̀ títí ilẹ̀ fi ń ṣú, orí ìdúró la máa ń wà, àwa ọmọ ṣọ́ọ̀bù mẹ́ta. Ọ̀gá wa kò fẹ́ rí àpótí lẹ́yìn káńtà. Wọ́n ní oníbàárà tó bá bá wa ní ìjókòó á ní ọ̀lẹ ni wá. Oyún àkọ́bí mi wà nínú mi nígbà náà. Tí mo bá délé, okùn bàtà á ti wọ ẹsẹ̀ mi lára. Màámi á po omi gbígbóná pọ̀ mọ́ iyọ̀, wọ́n á fi àtàńpàkò tẹ ẹsẹ̀ náà. Ibi tí wọ́n bá tẹ̀ á jìn, kò ní tètè kún.

Ohun tó jẹ́ kí ìtàn Martha Hughes Cannon, obìnrin dókítà àti aṣòfin kan ní Amẹ́ríkà, wọ̀ mí lára nìyẹn.

Ilẹ̀ Wales ni wọ́n bí i sí ní 1857. Ọmọdé ni nígbà tí àwọn òbí rẹ̀ kó lọ sí Utah, ní Amẹ́ríkà. Àbúrò rẹ̀ kú lójú ọ̀nà, kò sì pẹ́ tí wọ́n débẹ̀ tí bàbá rẹ̀ náà kú. Ó ṣe tíṣà, ó to lẹ́tà níléeṣẹ́ ìwé ìròyìn, ó ń ṣọ́ owó jọ títí ó fi di dókítà ní Yunifásítì Michigan ní 1880.

Ìyàwó kẹrin ló jẹ́ lọ́ọ̀dẹ̀ ọkọ rẹ̀, Angus Cannon. Ẹ̀yin tí ẹ dàgbà nílé olórogún bíi tèmi, ẹ ó mọ ohun tí mò ń sọ. Ìjọba ń mú ọkùnrin tó bá fẹ́ ju ìyàwó kan lọ nígbà náà, wọ́n sì lè pe dókítà tó gbẹ̀bí kó wá jẹ́rìí sí ẹni tó lọ́mọ. Kàkà kó dúró jẹ́rìí, ó gbé ọmọ rẹ̀ jòjòló, ó sá lọ sí Yúróòpù ní 1886.

Nígbà tó di 1896, ó jáde du ipò sẹ́nétọ̀ ìpínlẹ̀ Utah, ìyẹn aṣòfin nílé ìgbìmọ̀ ìpínlẹ̀ náà, lábẹ́ ẹgbẹ́ Democrat. Ọkọ rẹ̀ náà jáde lábẹ́ ẹgbẹ́ Republican. Ìyàwó wọlé, ọkọ ò wọlé. Obìnrin kankan ò tíì ṣe sẹ́nétọ̀ ìpínlẹ̀ rí ní gbogbo Amẹ́ríkà.

Ó ṣòfin kí àwọn adití àti afọ́jú lè kàwé, ó jà kí ìpínlẹ̀ náà ní ìgbìmọ̀ ìlera. Ṣùgbọ́n èyí tó pa mí lẹ́kún ni òfin pé kí ẹni tó bá gba obìnrin síṣẹ́ fún un níbi tí yóò jókòó sí. Àpótí lásán! Dókítà ni, ó mọ ohun tí ìdúró ń fojú ẹsẹ̀ rí.

Ní 2011, Monsurat Sunmonu, ọmọ Ọ̀yọ́, di obìnrin àkọ́kọ́ tó ṣe olórí ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin wa n'Íbàdàn. Ẹ bá mi bẹ àwọn tó wà níbẹ̀ lónìí: ẹ ṣe irú òfin àpótí yìí fún àwọn ọmọ ṣọ́ọ̀bù.

Mo ti ní ṣọ́ọ̀bù tèmi báyìí. Àpótí méjì ló wà lẹ́yìn káńtà. Orí ọ̀kan ni Màámi wà ní Sátidé tó kọjá tí mo ń sọ ìtàn yìí fún wọn.

"Àbẹ̀kẹ́, ọkọ rẹ̀ ò lé e jáde?"

"Rárá o, Màámi. Ó tún bí Gwendolyn fún un ní 1899."

Wọ́n dákẹ́. Mo mọ ibi tí ọkàn wọn lọ. Ní ọjọ́ ìdìbò kan ní 1991, a wà lábúlé lọ́nà Ìkòyí-Ilé. Àwòrán àwọn tó ń du ipò ni wọ́n gbé síta, ẹni tó bá fẹ́ ọ ló ń tò sẹ́yìn àwòrán rẹ. Bàbá mi bọ́ sórí ìlà kan, ìyálé tẹ̀lé wọn, Màámi pọn àbúrò mi, wọ́n tò tẹ̀lé ìyálé.

"Ìlà kejì ló wù mí lọ́jọ́ náà," ni Màámi wí.