Ta Ni Yóò Jẹ́ Ìpè Ní Aago Méjì Ọ̀sán?

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, oṣù Ọ̀wàrà

Ọ̀sẹ̀ tí gbogbo Amẹ́ríkà fi ń kọ́ ara wọn nípa ìdènà iná la wà yìí. Nítorí iná ńlá tó jó Chicago ní ọjọ́ 8 sí ọjọ́ 10 oṣù Ọ̀wàrà ọdún 1871 ni wọ́n ṣe yan àsìkò yìí, Ààrẹ Calvin Coolidge ló sì kọ́kọ́ kéde rẹ̀ fún gbogbo orílẹ̀-èdè ní ọdún 1925. Tíṣà kẹ́mísìrì ni mí. Èmi náà ni olórí àwọn panápaná ìlú wa, iṣẹ́ tí ẹnikẹ́ni nínú wa kì í gba owó oṣù lé lórí. Ọ̀sẹ̀ yìí ni iṣẹ́ méjèèjì máa ń wọ inú ara wọn jù lọ, tòní sì tún wá yàtọ̀.

Kí n kọ́kọ́ sọ bí ibí ṣe rí fún ẹni tí kò bá mọ̀ ọ́n. Ìlú kékeré ní Pennsylvania ni: títì ńlá kan, ilé-ìwé kan, ṣọ́ọ̀ṣì mélòó kan, lẹ́yìn náà oko àgbàdo àti pápá màlúù títí dé ẹsẹ̀ òkè. Bí ẹnikẹ́ni bá pe 911, àwọn tó ń gba ìpè fún gbogbo agbègbè á fi ìró ránṣẹ́ sí ẹ̀rọ kékeré tí a fi há ìgbànú, fèrè orí òrùlé ilé ẹgbẹ́ wa á ké, ẹni tó bá sì wà nítòsí á fi ohun tó ń ṣe sílẹ̀. Kò sí ẹlòmíràn tó ń bọ̀ lẹ́yìn wa.

Láàárọ̀ la ṣe ìdánrawò iná ní ilé-ìwé. Òfin Pennsylvania ní kí a máa ṣe é ní oṣooṣù, ó sì máa ń sú àwọn ọmọ. Wọ́n á máa rẹ́rìn-ín, àwọn kan á fẹ́ yà padà lọ mú jákẹ́ẹ̀tì. Ẹnu ọ̀nà àtẹ̀gùn ni mo máa ń dúró sí, kí n lè rí i pé wọ́n pa ìlẹ̀kùn rẹ̀ dé lẹ́yìn ọmọ tó kẹ́yìn. Ìlẹ̀kùn yẹn ló ń jẹ mí lọ́kàn ju ohunkóhun lọ. Ní ọjọ́ kìíní oṣù Ọ̀pẹ ọdún 1958, iná sọ nísàlẹ̀ àtẹ̀gùn kan ní ilé-ìwé Our Lady of the Angels ní Chicago. Kò sí ìlẹ̀kùn tó dí àtẹ̀gùn náà ní òkè pẹ̀tẹ́ẹ̀sì, ibẹ̀ ni èéfín àti ooru gbà gòkè tí wọ́n fi kún ọ̀dẹ̀dẹ̀. Ọmọ 92 àti sísítà mẹ́ta tí wọ́n ń kọ́ wọn ló kú. Òkè ni gbogbo wọn wà. Tíṣà ni mí kí n tó di panápaná, mi ò sì lè ka ìtàn yẹn kí n má ronú nípa àwọn obìnrin mẹ́ta náà, tí wọ́n wà pẹ̀lú àwọn ọmọ wọn nínú yàrá, tí èéfín sì ti gba ẹnu ọ̀nà.

Ẹ̀yin tí ẹ ń kà mí, níbikíbi tí ẹ bá wà: ẹ máa pa ìlẹ̀kùn yàrá dé kí ẹ tó sùn. Ìlẹ̀kùn lásán tó wà ní pípadé lè dá ooru àti èéfín dúró títí ẹnì kan á fi rí ọ̀nà gbà yín jáde. Àga onífóòmù àti kápẹ́ẹ̀tì òde òní ń yára jó ju tàwọn òbí wa lọ. Ẹ̀yin ará ilé, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má gbé kẹ́ẹ̀gì bẹntiróòlù jẹnẹrétọ̀ sí ọ̀dẹ̀dẹ̀ tí ẹ máa gbà sá jáde.

Ọ̀rọ̀ ọ̀sán òní ló mú mi jókòó kọ̀wé. Lọ́sẹ̀ tó kọjá, mo kọ́ kíláàsì àwọn ọmọ tó dàgbà jù ní ilé-ìwé nípa bí nǹkan ṣe ń jó, mo sì sọ fún wọn pé iná lè wá láìsí ìṣáná. Koríko tí àgbẹ̀ gé fún màlúù, tó sì dì ní ìdì ìdì kó tó gbẹ tán, lè gbiná fúnra rẹ̀. Ọ̀rinrin inú rẹ̀ á jẹ́ kí àwọn kòkòrò tí ojú lásán ò rí máa jẹ koríko náà, bí wọ́n sì ti ń jẹ ẹ́ ni ooru á máa jáde. Àwọn ìdì tó yí i ká kò ní jẹ́ kí ooru náà rí ọ̀nà lọ. Tó bá yá, koríko náà fúnra rẹ̀ á bẹ̀rẹ̀ sí í yí padà, á máa dá ooru tirẹ̀ kún un. Láàárín ọ̀sẹ̀ mẹ́fà àkọ́kọ́ tó bá wọ abà ni ewu rẹ̀ pọ̀ jù. Bó bá ti dé 150 lórí Fahrenheit, kí àgbẹ̀ máa wò ó lójoojúmọ́. Bó bá dé 175, ìyẹn nǹkan bíi 79 lórí Celsius, kó pe panápaná kó tó fọwọ́ kan ìdì kankan.

Ọmọkùnrin kan tó máa ń jókòó lẹ́yìn, tí kì í sábà sọ̀rọ̀, dúró dè mí lẹ́yìn kíláàsì. Òjò ti ká wọn mọ́ oko nígbà tí wọ́n ń kó koríko ìkẹyìn, wọ́n sì kó o wọlé bẹ́ẹ̀. Mo yá a ní ọ̀pá gígùn tí a fi ń wọn ooru ní ilé ẹgbẹ́. Láti ìgbà náà, bó bá ti rí mi ní ọ̀dẹ̀dẹ̀, nọ́ńbà ló fi ń kí mi. "Tíṣà, 140." "Tíṣà, 148." Lánàá ó ti di 161. Mo pe bàbá rẹ̀ lálẹ́, mo ní kó kó àwọn màlúù kúrò nínú abà yẹn, kó sì máa yẹ koríko náà wò ní wákàtí mẹ́rin mẹ́rin. Ó ṣe é. Àgbẹ̀ tó ti ń ṣe iṣẹ́ yìí láti kékeré ni, kò pọn dandan kó gbọ́rọ̀ sí tíṣà ọmọ rẹ̀ lẹ́nu. Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀ gidigidi.

Aago méjì ọ̀sán kọjá díẹ̀ nígbà tí ẹ̀rọ ìgbànú mi ké. Abà, koríko ń gbóná, èéfín ti ń rú díẹ̀, kò tíì sí ọwọ́ iná. Mo wẹ̀yìn kíláàsì, ọmọ náà ti dìde dúró. Kò bi mí ní nǹkan kan. Ó kàn na ìwé kẹ́mísìrì rẹ̀ sí mi. Ó ti ya òkìtì koríko náà sínú rẹ̀, ìlà dé ìlà, ó sì kọ ìwọ̀n ooru sí ibi kọ̀ọ̀kan tó ti ki ọ̀pá bọ̀ ọ́. Tíṣà kíláàsì kejì wọlé wá dúró fún mi gẹ́gẹ́ bí àdéhùn wa pẹ̀lú ọ̀gá ilé-ìwé, mo sì mú ọ̀nà pọ̀n.

Mẹ́ta la pé ní ilé ẹgbẹ́. Bàbá kan tó ti fẹ̀yìn tì, tó máa ń wa ọkọ̀ ìpaná, nọ́ọ̀sì kan tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ti iṣẹ́ òru dé, tí oorun ò tíì dá lójú rẹ̀, àti èmi. Bí fèrè yẹn bá ké lálẹ́, ilé á kún. Lọ́sàn-án, gbogbo àwọn tí apá wọn le wà ní ibi iṣẹ́ tó jìnnà, wọn ò lè dé títí ohun tó máa jó á fi jó tán. Kí n tó jókòó sínú ọkọ̀ ni mo ti ní kí wọ́n pe ìlú méjì tó múlé gbè wá. Àwọn náà kò pọ̀, ṣùgbọ́n bí díẹ̀ tiwa, díẹ̀ tiwọn bá pàdé, iṣẹ́ á ṣeé ṣe.

Kò sí páìpù omi ìjọba lóko, omi la gbé lọ. A tẹ́ agbada omi alágbèéká síwájú abà, tánkà ń da omi sínú rẹ̀, ọkọ̀ ìpaná ń fà á. Ẹni tí kò mọ iṣẹ́ náà á ní kí a máa fa ìdì koríko jáde ní kíá. Ohun tó ń pani nìyẹn. Inú òkìtì lè ti jó di ihò kí òkè rẹ̀ sì wà bó ṣe wà. Ẹni tó bá gùn ún lè já wọ inú rẹ̀. Nítorí náà, a tẹ́ pákó sórí rẹ̀, a so okùn mọ́ ẹni tó gòkè, ẹlòmíràn di ìdí okùn mú, gbogbo àwa tó wọnú abà sì gbé àpò afẹ́fẹ́ kọ́ ẹ̀yìn. Omi ti wà ní ẹnu rọ́bà kí ìdì àkọ́kọ́ tó kúrò nílẹ̀, nítorí afẹ́fẹ́ nìkan ni koríko tó ti gbóná tó bẹ́ẹ̀ ń dúró dè.

Ìwé ọmọ yẹn la tẹ̀ lé. Ibi tó kọ ìwọ̀n tó ga jù sí, ní apá ìlà-oòrùn nítòsí ògiri, la fi rọ́bà kan ṣọ́ láti ìbẹ̀rẹ̀, ibẹ̀ gan-an ni ọ̀ràn wà. Àwọn ìdì tó jáde níbẹ̀ ti dú, òórùn wọn dà bíi ti ṣúgà tó jóná nínú ìkòkò. Bí afẹ́fẹ́ ṣe kàn wọ́n ni méjì gbiná lójú wa. Nọ́ọ̀sì yẹn ló wà nídìí rọ́bà, kò jẹ́ kó lọ síbì kankan. Ilẹ̀ ti ń ṣú kí a tó tú èyí tó kù jáde sí pápá, tí a sì fi omi rin wọ́n. Abà dúró. Màlúù kankan ò kú. Koríko tó ṣòfò pọ̀, yóò sì dun ìdílé náà nígbà òtútù.

Màmá pè mí bí mo ṣe ń darí bọ̀. Òru ti lọ lọ́dọ̀ wọn ní Iléṣà, ṣùgbọ́n wọn kì í sùn lọ́jọ́ tí wọn ò bá tíì gbóhùn mi. Mo ròyìn fún wọn.

"Àkànní, ṣé wọ́n fún yín ní nǹkan kan?"

"Rárá, Màmá. A kì í gbowó."

Wọ́n dákẹ́ díẹ̀, wọ́n wá ń sọ bó ṣe máa ń rí nígbà èwe wọn, nígbà tí òrùlé koríko ṣì pọ̀ lábúlé. Nígbà ọyẹ́, bí ẹnì kan bá ti figbe ta pé iná ò, gbogbo agbo ilé á gbé ìkòkò omi jáde, àwọn ọ̀dọ́mọkùnrin á gun òrùlé ilé kejì, wọ́n á máa já koríko rẹ̀ dànù kí iná má baà rí nǹkan jẹ gòkè. Nílẹ̀ ọjọ́ kejì, gbogbo wọn á kóra jọ láti bá onílé tún ilé kọ́.

"Ọ̀wẹ̀ ni tiyín náà, àbí?"

"Ọ̀wẹ̀ ni, Màmá."

"Ó dáa. Ṣùgbọ́n ẹni mẹ́ta kì í jẹ́ ọ̀wẹ̀, ọmọ mi. Níbo ni àwọn ará ìlú yòókù wà?"

Ìbéèrè yẹn ò jẹ́ kí n lè jẹun alẹ́ dáadáa. Pennsylvania yìí kan náà, ní Philadelphia, ni Benjamin Franklin àti àwọn ojúgbà rẹ̀ ti dá ẹgbẹ́ panápaná Union sílẹ̀ ní ọdún 1736. Àwọn ọmọ ẹgbẹ́ fúnra wọn ló ń ra korobá aláwọ tí wọ́n fi ń pọnmi sí iná, àti àpò tí wọ́n fi ń kó ẹrù jáde nílé tó ń jó. Láti ìgbà náà ni àwọn ìlú kéékèèké ibí ti gbé ara lé irú ẹgbẹ́ bẹ́ẹ̀. Ní àwọn ọdún 1970, nǹkan bí ẹgbẹ̀rún lọ́nà 300 ni panápaná tí kò gbowó ní ìpínlẹ̀ yìí. Nígbà tí ìgbìmọ̀ tí ìjọba ìpínlẹ̀ gbé kalẹ̀ jábọ̀ ní ọdún 2018, nǹkan bí ẹgbẹ̀rún lọ́nà 38 ló kù. Mi ò gbà pé ìfẹ́ ló tán lọ́kàn àwọn èèyàn. Iṣẹ́ ti kúrò nílùú, ẹlòmíràn ń ṣe iṣẹ́ méjì kó tó lè san owó ilé. Ẹ̀kọ́ tí panápaná gbọ́dọ̀ kọ́ náà ti gùn ju ti àtijọ́ lọ, ó sì yẹ kó gùn, nítorí iná òde òní le. Lẹ́yìn gbogbo ìyẹn, àwa kan náà la tún ń sun adìyẹ tà ní òpin ọ̀sẹ̀ ká lè rówó ra táyà ọkọ̀.

Mo ti ń wò ó láti ìrọ̀lẹ́: lọ́sàn-án, ibo ni àwọn àgbà tí ara wọn le pọ̀ sí jù nílùú yìí? Ilé-ìwé ni. Mẹkáníìkì ọkọ̀ ilé-ìwé wà níbẹ̀. Àwọn tó ń tún ilé-ìwé ṣe wà níbẹ̀, àwọn alásè náà wà níbẹ̀, wọ́n sì ti parí iṣẹ́ kí aago méjì tó lù. Láti ilé-ìwé dé ilé ẹgbẹ́ kò jìnnà rárá. A ń wá èèyàn kiri gbogbo agbègbè, a sì ń bá wọn jẹun ọ̀sán lójoojúmọ́.

Ọ̀kan nínú àwọn tó ń tún ilé-ìwé ṣe ti bá mi sọ̀rọ̀ tẹ́lẹ̀. Ohun tó ń bà á lẹ́rù ni pé wọ́n lè yọ wákàtí tó bá fi jẹ́ ìpè kúrò nínú owó rẹ̀. Mo pè é lálẹ́ yìí, ó ní òun ṣì fẹ́ wá. Ìpele mẹ́rin ni ẹ̀kọ́ àwọn tó ń bẹ̀rẹ̀ ní Pennsylvania. Bó bá ti gba àwọn tó ṣáájú, ó lè dúró nídìí ọkọ̀ àti tánkà, kó máa ṣètò omi, kí nọ́ọ̀sì má baà dá nìkan wà nídìí rọ́bà. Ọmọ oníwèé yẹn náà ti béèrè fọ́ọ̀mù. Òfin gbà kí ọmọ ọdún 14 sókè wọ ẹgbẹ́ bí òbí bá fọwọ́ sí i. Kò gbọdọ̀ wọ ilé tó ń jó, ṣùgbọ́n iṣẹ́ tó lè ṣe ní ìta pọ̀.

Ìgbìmọ̀ ilé-ìwé yóò ṣe ìpàdé ní alẹ́ Ọjọ́bọ̀, ọ̀gá wa sì ti fi orúkọ mi sí ara àwọn tó máa sọ̀rọ̀. Mo máa mú ìwé kẹ́mísìrì yẹn lọ, ọmọ tó ni ín ti gbà. Ohun tí mo fẹ́ tọrọ ni pé kí òṣìṣẹ́ ilé-ìwé tó bá ti kọ́ṣẹ́ lè jáde nígbà tí ilé tàbí abà bá ń jó, kí ẹnikẹ́ni má yọ wákàtí náà kúrò nínú owó rẹ̀, kí wọ́n sì kọ èyí sílẹ̀ gẹ́gẹ́ bí òfin ilé-ìwé, kó má jẹ́ àdéhùn ẹnu tèmi pẹ̀lú ọ̀gá nìkan.