Òjìji Inú Àpótí

Ní òru àná, mo ka ìtàn kẹrin nínú àkójọpọ̀ ìtàn kúkúrú kan tí ọ̀rẹ́ mi yá mi, n kò sì lè ṣí ojú ewé tó kàn mọ́. Opó kan ká òjìji ọkọ rẹ̀ tó ti kú bí ẹni ká aṣọ, ó tò ó sínú àpótí, àràárọ̀ ni ó sì ń yọ ọ́ wò bóyá ó ti gbẹ. Òǹkọ̀wé kò ṣàlàyé ohunkóhun. Ó kàn sọ pé òjìji náà ṣì tutù ní èjìká, nítorí pé ibẹ̀ ni obìnrin náà máa ń gbé orí lé sunkún. Mo dojú ìwé náà dé àyà, mo sì jókòó bẹ́ẹ̀ fún ìgbà pípẹ́.

Irú ìtàn tó ń da àlá pọ̀ mọ́ ojú ayé báyìí kì í ṣe tuntun. Ní 1924 ni André Breton, akéwì ilẹ̀ Faransé, kéde ní Paris pé kí àlá àti ojú ayé di ọ̀kan, ṣùgbọ́n láti 1915 ni ìtàn kan tí òǹkọ̀wé Franz Kafka kọ ti jáde, níbi tí ọkùnrin kan ti jí tó rí i pé òun ti di kòkòrò, síbẹ̀ tó jẹ́ pé ọkọ̀ ojú irin tó ti lọ láìgbé e ló ń dà á láàmú. Ibẹ̀ gan-an ni agbára irú ìtàn báyìí wà lójú tèmi: ohun àrà kan ṣoṣo ni wọn yóò fi síbẹ̀, gbogbo nǹkan yòókù yóò sì rí bí ó ṣe ń rí lójoojúmọ́.

Nígbà tí mo dìde láti pa iná, mo rí òjìji ara mi lára ògiri, mo sì dúró wò ó títí.