Ìró Ìbejì: ohun tí ojú mi rí kí n tó mọ bí wọ́n ṣe ń fa àsìkò gùn

Ẹ jẹ́ n tètè sọ ọ́ kẹ́ ẹ má bàa máa retí iṣẹ́ ìyanu. Aago ara ògiri ò ní dúró nítorí yín. Ó ti tó ọdún mẹ́sàn-án tí mo ti ń ṣe Ìró Ìbejì, ìyẹn fífi ìró méjì tó tẹ̀ léra mú kí àsìkò gùn tàbí kó kúrú lára èèyàn, kò sí ọjọ́ kan báyìí tí aago dá mi lóhùn. Bí àsìkò ṣe ń kọjá lára èèyàn ló máa ń yí, ìyẹn nìkan sì tó láti ba iṣẹ́ èèyàn jẹ́, mo ń bọ̀ lórí ìyẹn.

Ṣómólú ni mo ti kọ́ ọ. Ẹni tó bá mọ Ṣómólú mọ̀ pé iṣẹ́ ìwé títẹ̀ ni wọ́n fi ń mọ̀ wá níbẹ̀, tẹ́ ẹ bá rìn díẹ̀ ẹ ti gbọ́ máṣínì, tí ò bá jẹ́ máṣínì a jẹ́ pé jẹnẹrétọ̀ ni. Bàbá kan tí wọ́n máa ń wá bá wa tún Kord, máṣínì tá a fi ń tẹ̀wé, ṣe ni wọ́n kọ́ mi. Wọ́n ní kí n dákẹ́ kí n gbọ́ máṣínì yẹn dáadáa, pé kì í ṣe ariwo kan ló ń pa, méjì ni: fìì nígbà tó bá fa ìwé, kà nígbà tó bá jù ú sílẹ̀. Wọ́n ní tí nǹkan bá dún lẹ́ẹ̀kan, ó dún náà nìyẹn, ìgbà tó bá dún lẹ́ẹ̀kejì lo máa tó mọ̀ pé nǹkan kan ti kọjá láàárín. Mo rẹ́rìn-ín o, mo rò pé òórùn íńkì ló ti ń gun bàbá.

Wọ́n wá ní fìì yẹn ni Táyé, kà ni Kẹ́hìndé. Ẹ̀yin náà mọ̀ pé Táyé ló kọ́kọ́ jáde àmọ́ òun kọ́ lẹ̀gbọ́n, ńṣe ni wọ́n rán an pé kó lọ tọ́ ayé wò, ẹni tó rán an níṣẹ́ ṣì wà lẹ́yìn. Ibẹ̀ ni gbogbo ẹ̀ wà. Ìró àkọ́kọ́ ò sí lọ́wọ́ ẹ, jẹ́ kó wá bó ṣe fẹ́. Èkejì ni tìẹ. Tó o bá fẹ́ kí àsìkò gùn, dá Kẹ́hìndé dúró, tó o bá fẹ́ kó kúrú, jẹ́ kó máa tẹ Táyé ní gìgísẹ̀.

Èmi máa ń lo ìró agogo ẹlẹ́nu méjì, inú orí mi ni mo ti ń lù ú, mi ò kì í yanu. Ẹnu kékeré dún kín, mo fa èémí, mo dúró, ẹnu ńlá wá dún kò, mo tú èémí sílẹ̀. (Ẹ tún wo ọ̀rọ̀ yẹn ná, agogo la ń lù, agogo náà la fi ń mọ wákàtí, ẹni bá ní kò sí nǹkan níbẹ̀ kó máa wí o.)

Ibi tí mo rò pé ó dáa jù láti fi bẹ̀rẹ̀ ni orí Third Mainland, nítorí bíríjì yẹn fúnra ẹ̀ ń kọ́ èèyàn. Kìlómítà 11.8 ni, 1990 ni wọ́n ti parí ẹ̀, ojú ìsopọ̀ sì pọ̀ lórí ẹ̀. Táyà iwájú á lù ú gbì, tẹ̀yìn á lù ú gbà. Tí dánfó bá ń sáré, méjèèjì á fẹ́rẹ̀ẹ́ pọ̀, tí gò-sílò bá mú yín ní Òwòròǹṣòkí, Táyé á dún, ẹ lè jẹ gúgúrú tán kí Kẹ́hìndé tó dé. Ẹ má bínú sí i, ẹ ṣáà máa dúró dè é. Àárọ̀ ọjọ́ kan tí mo ń lọ Ìdúmọ̀tà lọ ra pépà ni mo kọ́kọ́ rí i ṣe, mo rí àwọn tó ń fi ọkọ̀ ojú omi pẹja lórí ọ̀sà, mo rí èéfín Mákòkó, gbogbo ohun tí mo ti ń kọjá láti ọdún yìí wá, ńṣe ló dà bíi pé ẹnì kan ṣẹ̀ṣẹ̀ gbé e síbẹ̀.

Wàyí o, wàhálà. Àsìkò kíkúrú ló máa ń dùn jù, òun ló sì ṣe mí léṣe. Ọjọ́bọ̀ kan, iṣẹ́ ìgbéyàwó wà nílẹ̀, 2,000 ẹ̀dà, fọ́tò ìyàwó lójú ìwé àkọ́kọ́, Sátidé ni wọ́n máa lò ó. Aago kan òru ti lù, mo ti tẹ yẹ́lò, mo ti tẹ pupa, búlúù ló kàn, oorun ń pa mí, mo bá ní kí n fi Kẹ́hìndé lé Táyé kí ilẹ̀ lè tètè mọ́. Kín-kò, kín-kò, kín-kò. Máṣínì ń lọ ní 3,600 ní wákàtí, ìyẹn ìwé kan ní ìṣẹ́jú-àáyá kan. Ìgbà tí mo máa ṣẹ́jú báyìí, iṣẹ́ ti tán. Mo ní bàbá yìí o ṣé o! Mo gbé ìwé kan sókè sí iná, ìyàwó ní ojú mẹ́rin. Ìwé ti ń yẹ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ látìgbà tí mi ò mọ̀, búlúù ti sún kúrò lórí pupa, ọgbọ̀n ìṣẹ́jú àti díẹ̀ ni mo fi dúró síwájú máṣínì tí mi ò sì sí níbẹ̀.

Ẹ̀gbọ́n ìyàwó dé láàárọ̀ Jímọ̀, wọn ò pariwo, ìyẹn ló dùn mí jù. Wọ́n wo ìwé, wọ́n wò mí, wọ́n ní "Bọ̀ọ̀dá, ṣé ìbejì làbúrò mi ni?" Owó ara mi ni mo fi ra pépà mìíràn, mi ò sùn títí Sátidé fi mọ́, lọ́tẹ̀ yìí mo ń dá Kẹ́hìndé dúró lórí gbogbo ìwé, òru yẹn gùn bí ààwẹ̀.

Nítorí náà ẹ jọ̀ọ́, tí nǹkan bá wà lórí iná, tí ọmọ bá wà lọ́wọ́ yín, tẹ́ ẹ bá ń wakọ̀, ẹ má gé àsìkò kúrú. Ẹni tó ń dúró de bọ́ọ̀sì ní Ojúẹlẹ́gbà lè ṣe é, ìyẹn ò kàn mí, àmọ́ kó di pọ́ọ̀sì ẹ̀ mú. Ẹ má fi fóònù ka ìró fún ara yín o, mo ti gbìyànjú ẹ̀, fóònù ò lè dúró de èémí ẹnikẹ́ni. Ìgbà mẹ́rìnlá ti tó lójúmọ́ fún ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń bẹ̀rẹ̀, orí á máa fọ́ yín díẹ̀, omi ni kẹ́ ẹ mu.

Mo ṣì fi ìwé kan nínú èyí tó bàjẹ́ yẹn kọ́ sára ògiri. Lọ́sẹ̀ tó kọjá ọmọ iṣẹ́ mi dúró síwájú ẹ̀, ó ní, "Ọ̀gá, èwo ni Kẹ́hìndé nínú àwọn méjèèjì?" Mo ní kó lọ fọ búláńkẹ́ẹ̀tì máṣínì, rọ́bà tó ń gbé íńkì sórí ìwé.